Tanwíjí Inú Ipa Táyà

Ẹ̀wà ni mo ń ṣà ní kíṣìnnì lọ́jọ́ tí alága ẹgbẹ́ àwọn olùgbé àdúgbò wa ní Festac pè mí lórí fóònù.

"Tíṣà, a níṣẹ́ fún yín o," ó ní. "Yàrá ìkàwé tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ gbọ̀ngàn yẹn, orúkọ Ọ̀jọ̀gbọ́n la fẹ́ fi pè é. Màmá ti dàgbà, a fẹ́ yẹ́ wọn sí lójú ayé wọn. Ẹ̀yin lẹ mọ bàọ́lọ́jì, ẹ sì mọ̀wé kọ. Ojú ìwé méjì péré, kẹ́ ẹ sọ ohun tí wọ́n ṣe láyé."

Mo ní, "Ó dáa, sà."

Nígbà tí mo máa fi gbé fóònù sílẹ̀, mo ti da òkúta tí mo ṣà jáde padà sínú ẹ̀wà.

Ohun tí wọ́n ṣe láyé. Mo mọ̀ ọ́n ju alága lọ. Láti ọmọ ọdún méjìlá ni mo ti mọ̀ ọ́n, láti ìgbà náà sì ni owú obìnrin yẹn ti ń jẹ mí. Bí mo bá rí ọkọ̀ rẹ̀ tó ń yà sí àfẹ́núù tiwọn, ẹnu mi á korò bí ẹni jẹ orógbó. Èmi tí mo ti lé ní ọdún márùndínláàádọ́ta, tí mo ń kọ́ ọmọ ọlọ́mọ ní ìwà! Ṣùgbọ́n òótọ́ ni mo ń sọ. Obìnrin tí wọ́n fẹ́ fi orúkọ rẹ̀ pe yàrá ìkàwé, iṣẹ́ ìyá mi ló fi bẹ̀rẹ̀ òkìkí. Ìyá mi náà sì nìyẹn nínú pálọ̀ mi, ó ń ká aṣọ tó gbẹ, kò sẹ́ni tó mọ̀ pé ó ṣe nǹkan kan rí.

Kí Festac tó di Festac, irà ni ibẹ̀. Àwọn ará Amúwo ń fi ọkọ̀ ọlọ́pọ́n pẹja níbi tí a ń gbé mọ́tò sí lónìí. Nígbà tí wọ́n fẹ́ kọ́ ilé fún àwọn àlejò àjọ̀dún àṣà Festac, wọ́n kó katapílà wọlé, wọ́n ń da iyanrìn, típà ń lọ, típà ń bọ̀ láti àárọ̀ dalẹ́. Ìyá mi sọ pé ariwo típà yẹn ò jẹ́ kéèyàn gbọ́ ohùn ara rẹ̀. Kò pẹ́, ibà bẹ̀rẹ̀ sí í dá àwọn bíríkìlà àti kápẹ́ńtà dùbúlẹ̀. Ẹni tó bá gbé búlọ́ọ̀kù lónìí, wọn á gbé òun náà lọ́la.

Iléeṣẹ́ ìwádìí kan, tí ìyá mi ń ṣiṣẹ́ ní láàbù wọn, ni wọ́n ní kó wá wo ọ̀rọ̀ náà. Àwọn ọ̀gá dé, wọ́n wo ọ̀tún, wọ́n wo òsì, wọ́n ní irà ni. Wọ́n da epo sójú irà nítorí ẹ̀fọn títí omi fi ń dán bí orí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ fárí. Ibà ò lọ.

Ìyá mi ò tíì pé ọdún mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n nígbà náà. Ìwé mẹ́wàá péré ló kà, ó wá kọ́ iṣẹ́ láàbù lé e. Iṣẹ́ rẹ̀ ni pé kó máa fi ìpọnmi ọlọ́wọ́ gígùn bu omi káàkiri, kó dà á sínú abọ́ tánganran funfun, kó ka tanwíjí, ọmọ ẹ̀fọn, tó wà níbẹ̀, kó kọ ọ́ sílẹ̀. Iṣẹ́ tí kò níyì ni. Ọlọ́run nìkan ló mọ iye ìgbà tó yọ̀ ṣubú sínú ẹrẹ̀.

Níbi kíkà yẹn ló ti rí i. Tanwíjí inú irà ń dorí kodò, ìdí wọn ló kan ojú omi. Ẹ̀fọn tí ìyẹn ń dà á jẹ ènìyàn, ara á yún ènìyàn, ṣùgbọ́n òun kọ́ ló ń fa ibà. Tanwíjí ẹ̀fọn ibà kì í dorí kodò ní tiẹ̀, gbalaja ló ń sùn sójú omi bí ẹyọ ìgbálẹ̀ kan. Ìyá mi sì wá àwọn tó ń sùn gbalaja yìí nínú irà, kò rí wọn. Inú ipa táyà típà ló ti rí wọn. Òjò á rọ̀ sínú ipa táyà, oòrùn á ràn sí i, omi tí kò tó wẹ ọmọ ọwọ́ á kún fún tanwíjí ibà fọ́fọ́. Àwọn típà tó ń kó iyanrìn wá dí irà ni wọ́n ń gbẹ́ ilé fún ẹ̀fọn lójú ọ̀nà. Odidi oṣù mẹ́rin ló fi ń kọ ọ́ sínú nóòtù kó tó la ẹnu.

Ẹni tó sọ fún ni ọ̀gá rẹ̀ ọ̀dọ́ kan, obìnrin bíi tirẹ̀, tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ìlú òyìnbó gba dígírì dé. Ìyẹn wò ó, ó gbà á, ó lọ bá àwọn ọ̀gá àgbà. Wọ́n fi yanrìn pupa dí gbogbo ipa táyà, ibà sì rọlẹ̀. Lẹ́yìn náà, wọ́n kọ ọ́ jáde nínú ìwé àwọn onímọ̀ ní òkè òkun. Orúkọ méjì ló wà lórí rẹ̀, ti ọ̀gá pátápátá àti ti obìnrin tó ti ìlú òyìnbó dé. Ti ìyá mi ò sí níbẹ̀. Wọ́n dúpẹ́ lọ́wọ́ dírẹ́bà tó ń gbé wọn lọ gbé wọn bọ̀, wọn ò dúpẹ́ lọ́wọ́ ìyá mi.

Láti ibẹ̀ ni obìnrin yẹn ti fò. Ó di Ọ̀jọ̀gbọ́n. Ohùn rẹ̀ wà lórí rédíò, ó ń sọ fún gbogbo ayé pé omi tó kún àtẹ́lẹwọ́ tó ẹ̀fọn í bí sí. Ó rí ilé gbà nínú Festac, ilé tí omi ẹ̀rọ ń yọ nínú rẹ̀, tí òdòdó wà níwájú rẹ̀. Ìyá mi lóyún mi, ó fi láàbù sílẹ̀, kò sì padà mọ́. Yàrá méjì la gbà ní Kuje lẹ́gbẹ̀ẹ́ Festac, ibẹ̀ ló ti ń rán kọ́tìnnì tà. Bàbá mi ń wa tírélà ní wọ́ọ̀fù.

Mi ò mọ nǹkankan nínú gbogbo èyí nígbà tí mo ń fẹsẹ̀ rìn láti Kuje lọ sí ilé ìwé ní Festac. Ọdún tí mo gba ipò kìíní nínú sáyẹ́ǹsì, Ọ̀jọ̀gbọ́n ni wọ́n pè kó wá fún wa lẹ́bùn. Ó wọ aṣọ funfun báláú. Ó bọ̀ mí lọ́wọ́, ó béèrè ta ni ìyá mi. Mo sọ fún un. Ó di ọwọ́ mi mú pẹ́ títí, àwọn tó wà lẹ́yìn mi bẹ̀rẹ̀ sí í kùn.

"Ojú ìyá rẹ lo ní," ó wí.

Mo sáré délé. Mo rò pé ẹ̀bùn ni mo gbé wálé, àfi bí ẹni gbé iná wálé. Bí mo ṣe dárúkọ obìnrin yẹn báyìí, bàbá mi gbé oúnjẹ rẹ̀ sílẹ̀.

"Ṣó tún lè wo ojú ọmọ mi?" ó pariwo. "Ṣé kò sọ fún ẹ pé iṣẹ́ ìyá rẹ lòun ń jẹ? Mọ́ńkì ń ṣiṣẹ́, bàbúùn ń jẹun!"

Ìyá mi ní, "Bàbá ọmọ mi, ó tó."

"Kò tó! Jẹ́ kó gbọ́!"

Ó sì jẹ́ kí n gbọ́ ọ látòkèdélẹ̀. Ìyá mi kàn ń fi ẹsẹ̀ tẹ maṣíìnì ìránṣọ rẹ̀ lọ. Láti ọjọ́ náà ni mo ti gba owú náà lọ́wọ́ bàbá mi bí ẹni gba ogún. Bí fọ́tò Ọ̀jọ̀gbọ́n bá jáde nínú ìwé ìròyìn, mo máa ń fi bírò kùn ún lójú. Mo wọ yunifásítì lọ kọ́ nípa ẹranko àti kòkòrò nítorí pé mo fẹ́ borí rẹ̀. Mi ò borí rẹ̀. Mo jáde, mo wá iṣẹ́, iṣẹ́ tíṣà ni mo rí. Ní ọdọọdún ni mo máa ń kọ́ àwọn ọmọ nípa ẹ̀fọn, orúkọ rẹ̀ sì wà nínú ìwé tí a ń lò, nínú àpótí kékeré kan nísàlẹ̀ ojú ìwé. Mo máa ń fo ojú ìwé náà.

"Àǹtí, ẹ fo pẹ́ẹ̀jì kan o," àwọn ọmọ á wí.

"Ẹ lọ kà á nílé," èmi náà á wí.

Bàbá mi kú, mo gba fúláàtì kan nínú Festac, mo kó ìyá mi wá sọ́dọ̀ ara mi. Bẹ́ẹ̀ la ṣe wà tí alága fi pè mí.

Ìwé ìyìn yìí, mo ti mọ ohun tí mo máa kọ sí i kí ẹ̀wà tó jiná. Mo máa kọ òtítọ́. Mo máa dìde níwájú gbogbo ẹgbẹ́, mo máa ka orúkọ ìyá mi jáde, kí obìnrin náà jókòó síbẹ̀ kó máa gbọ́. Ṣùgbọ́n mo nílò ẹ̀rí, ẹ̀rí náà sì ni àwọn nóòtù tí ìyá mi fi oṣù mẹ́rin kọ.

"Màmá, àwọn nóòtù yín ìgbà tẹ́ ẹ wà ní láàbù ńkọ́?"

"Nóòtù wo?"

"Ti tanwíjí."

Ó gbọn ìró kan, ó ká a sí méjì. "Ìyẹn ti pẹ́. Bóyá ìgbà tí òjò rọ̀ wọlé sí wa ní Kuje ló sọnù."

Mi ò gbà á gbọ́. Mo dúró di Ọjọ́bọ̀, nítorí pé ìrọ̀lẹ́ Ọjọ́bọ̀ ni ìyá mi máa ń lọ kí ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan. Láti ìgbà tó ti wà lọ́dọ̀ mi ló ti ń lọ bẹ́ẹ̀. Mo rò pé ọ̀kan nínú àwọn ìyá ìjọ wa ni, mi ò bi í léèrè rí. Bó ṣe jáde, mo tú àpótí rẹ̀. Mo rí aṣọ ìgbéyàwó rẹ̀, mo rí káàdì wọ́ọ̀fù bàbá mi, mo rí ẹ̀bùn tí mo gbà lọ́mọdé. Nóòtù ò sí níbẹ̀.

Inú bí mi. Mo ní bí mi ò bá rí ìwé, màá lọ bá onítọ̀hún fúnra rẹ̀, kó sọ ọ́ lójú mi pé òun kọ́. Mo wọ bàtà, mo fẹsẹ̀ rìn lọ sí àfẹ́núù tiwọn. Ní ojú ọ̀nà, mo ń sọ̀rọ̀ náà sókè fúnra mi, bí àwọn ọmọ ṣe máa ń há ìwé ìdánwò sórí. Màmá, ẹ ṣe é, ẹ ò ṣe é? Ẹ jẹ orúkọ ìyá mi mọ́ tiyín, àbí ẹ ò jẹ ẹ́?

Ọmọbìnrin tó ń tọ́jú rẹ̀ ló ṣílẹ̀kùn fún mi. Mo bọ́ bàtà. Bí mo ṣe tẹ̀ ba, mo rí sálúbàtà aláwọ̀ ilẹ̀ kan lẹ́bàá ilẹ̀kùn tí wọ́n fi òwú funfun gán ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Èmi ni mo gbé sálúbàtà yẹn lọ fún ṣúmẹ́kà.

"Wọ́n wà lẹ́yìnkùlé," ọmọbìnrin náà ní. "Àwọn méjèèjì."

Ìyá mi jókòó sórí àpótí kékeré, ó ká ìró rẹ̀ mọ́ orúnkún. Abọ́ tánganran funfun wà níwájú rẹ̀, omi gọ́tà wà nínú rẹ̀. Ọ̀jọ̀gbọ́n jókòó sórí àga lápá ọ̀tún rẹ̀. Ojú obìnrin náà ti ń ṣe bàìbàì, ó kàn kọ orí sí ibi tí ohùn ti ń jáde.

"Sọ fún mi. Kí lo rí?"

"Mẹ́rin ló sùn, Ẹ̀gbọ́n. Ìyókù dorí kodò."

"Ṣé ó dá ẹ lójú?"

"Ìgbà wo ni kò dá mi lójú rí?"

Àwọn méjèèjì bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín tí ìyá mi ń rín yẹn, mi ò gbọ́ ọ rí. Èmi ọmọ tó bí, tí mò ń bá a gbé, mi ò gbọ́ ọ rí. Lórí tábìlì, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ife tíì, àwọn nóòtù wà níbẹ̀, márùn-ún, wọ́n fi bébà tó nípọn dì wọ́n lẹ́yìn. Mo mọ ọwọ́ ìkọ̀wé ìyá mi láti ibi tí mo dúró sí.

Ìyá mi gbójú sókè, ó rí mi. Kò sá, kò sì ta gìrì.

"Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ mà," mo ní. Ẹ̀kọ́ ilé ò jẹ́ kí n ṣe jù bẹ́ẹ̀ lọ, mo kúnlẹ̀.

"Ta nìyẹn?" Ọ̀jọ̀gbọ́n béèrè.

"Ọmọ mi ni," ìyá mi dáhùn.

Gbogbo ohun tí mo ti há sórí ní ojú ọ̀nà, wọ́n dàrú mọ́ mi lẹ́nu. Ohun tó kàn jáde ni pé, "Mo wá bèèrè ìdí tí orúkọ màmá mi ò fi sí lórí ìwé yẹn."

Jẹnẹrétọ̀ ń dún ní ilé kejì. Ọ̀jọ̀gbọ́n fi ọwọ́ wá etí tábìlì, ó dì í mú.

"Mo kọ ọ́ síbẹ̀," ó ní. "Mo fi orúkọ ìyá rẹ ṣe èkejì. Ọ̀gá wa pátápátá fi bírò pupa fagi lé e. Ó ní wọn kì í kọ orúkọ òṣìṣẹ́ láàbù. Mo bínú. Ọjọ́ kan péré ni mo fi bínú. Lọ́jọ́ kejì mo fọwọ́ sí i, nítorí pé mo fẹ́ kí tèmi jáde. Mi ò ní parọ́ fún ẹ. Kò sẹ́ni tó ti ìbọn sí mi lórí."

"Ẹ wá ń sọ̀rọ̀ lórí rédíò láti ọjọ́ yìí wá."

"Mo ń sọ̀rọ̀. Ohun tó bá pẹ́ lẹ́nu èèyàn á di tirẹ̀. Mo wá bẹ ìyá rẹ ní Kuje nígbà tí o ń rákò. Ọdún mẹ́ta ni kò ṣílẹ̀kùn fún mi."

"Ọdún mẹ́rin," ìyá mi ní.

"Ọdún mẹ́rin. Ṣé o mọ ohun tó burú jù níbẹ̀? Owú rẹ̀ ń jẹ mí. Èmi ni mo ní dígírì, èmi ni mo ní máíkírósíkóòpù. Ìyá rẹ á kàn tẹ orí sí abọ́ báyìí, á ní 'Ìyẹn kọ́.' Ó lè gbà mí ní ọ̀sẹ̀ kan gbáko kí n tó rí i pé òótọ́ ló sọ. Ojú yẹn ò sí ní ilé ìwé kankan. Nígbà tí wọ́n fagi lé orúkọ rẹ̀, ibì kan nínú mi dùn. Mo ti sọ fún un. Mò ń sọ fún ìwọ náà."

Ó yẹ kí ọ̀rọ̀ yẹn tu mí lára. Ó lé ní ọgbọ̀n ọdún tí mo ti ń dúró dè é. Ṣùgbọ́n bí mo ṣe kúnlẹ̀ síbẹ̀, ibòmíràn ni owú mi gbà lọ. Kì í ṣe ti òkìkí mọ́. Mò ń wo abọ́ yẹn. Mò ń wo bí orúnkún wọn ṣe súnmọ́ra, bí ìyá mi ṣe ń pè é ní Ẹ̀gbọ́n. Gbogbo Ọjọ́bọ̀ tí mo ti fi jókòó nílé ni mò ń rò.

"Màmá," mo ní, "ẹ ò kọ́ mi rí. Èmi tí mò ń kọ́ àwọn ọmọ nípa ẹ̀fọn. Ẹ ò ní kí n wá wò ó rí."

Ìyá mi da omi inú abọ́ sílẹ̀, ó fi etí ìró nu ọwọ́.

"Bàbá rẹ fẹ́ràn ìbínú yẹn," ó ní. "Òun ló fi ń jí, òun ló fi ń sùn. Ó rò pé ìfẹ́ mi ni, bóyá ìfẹ́ ni lóòótọ́. Ìwọ náà gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Bí mo bá sọ fún yín pé mo ti dárí jì í, kí ló máa kù tí ẹ ó fi máa bá mi gbé?"

Mo dìde, mo lọ wọ bàtà mi.

A jọ rìn padà sílé ni. Mi ò dì í lọ́wọ́ mú bí mo ti máa ń ṣe níbi tí ọ̀nà ti bàjẹ́, ó sì mọ̀ pé mò ń bínú. Nígbà tó kù díẹ̀ ká délé ló sọ̀rọ̀.

"Kọ ìwé ìyìn yẹn. Kọ ohun tó ṣẹlẹ̀. Ṣùgbọ́n má kọ apá kan dá apá kan sí."

Mo kọ ọ́. Mo kọ ojú ìwé márùn-ún. Mo kọ bírò pupa, mo kọ ilẹ̀kùn Kuje, mo kọ Ọjọ́bọ̀ náà pẹ̀lú, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọwọ́ mi wúwo nígbà tí mò ń kọ ọ́. Alága kà á, ó pè mí.

"Tíṣà, ìwé ìyìn la ní kẹ́ ẹ kọ, ẹ kọ ìwé ẹjọ́."

Àwọn ìgbìmọ̀ gé e sí méjì. Nínú èyí tí wọ́n ní kí n kà, ìyá mi di "ọ̀kan lára àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀." Mo ní mi ò lọ mọ́. Ìyá mi ló lọ aṣọ rẹ̀, tó lọ tèmi mọ́ ọn.

Lọ́jọ́ ayẹyẹ náà, nígbà tí mo dé ibi ọ̀rọ̀ yẹn, mo sáré kọjá níbẹ̀. Mo kà á tán, mo jókòó. Ṣùgbọ́n nígbà tí wọ́n gbé máìkì fún Ọ̀jọ̀gbọ́n pé kó dúpẹ́, kò dúpẹ́. Ọmọbìnrin tó ń tọ́jú rẹ̀ dì í mú kó lè dúró.

"Obìnrin kan wà ní ìlà kẹta," ó ní. "Mi ò rí i, ṣùgbọ́n mo mọ̀ pé ó wà níbẹ̀. Kó dìde. Òun ló rí ohun tí ẹ torí ẹ̀ pè mí síbí."

Ìyá mi dìde díẹ̀, ó ń fẹ́ jókòó padà. Àwọn èèyàn pàtẹ́wọ́ bí wọ́n ṣe máa ń pàtẹ́wọ́ fún ẹni tí wọn ò mọ̀. Olùdarí ètò gba máìkì, ó ní, "Ẹ jọ̀ọ́, àtẹ́wọ́ fún olùrànlọ́wọ́ Próòfù wa!"

Ọ̀jọ̀gbọ́n na ọwọ́ sínú afẹ́fẹ́ títí wọ́n fi dá máìkì padà fún un.

"Mi ò ní olùrànlọ́wọ́," ó ní. "Èmi ni mo ràn án lọ́wọ́."

Lẹ́yìn náà wọ́n gbàdúrà, wọ́n pín míìtì páì. Pátákó orúkọ ti wà lára ògiri kó tó sọ̀rọ̀, orúkọ kan ṣoṣo ló sì wà lórí rẹ̀ títí di òní. Nínú fọ́tò tí wọ́n fi sórí gúrúùpù àdúgbò, èjìká ìyá mi nìkan la rí.

Kò pé oṣù mẹ́fà lẹ́yìn náà tí Ọ̀jọ̀gbọ́n kú. Ìyá mi sunkún. Ó sunkún nínú bálùwẹ̀, ó sunkún nídìí ẹ̀kọ, ó sunkún nígbà tí mò ń dì í nírun. Kò sunkún tó bẹ́ẹ̀ nígbà tí bàbá mi kú. Èmi tí mò ń dì í nírun, mò ń fi ti èyí wé ti ìyẹn nínú ọkàn mi, mo sì mọ̀ pé ìwàkiwà ni mò ń hù, mi ò sì lè dá a dúró. Mo ń jowú òkú. Ojú ń tì mí láti kọ ọ́, ṣùgbọ́n ìyá mi ní kí n má kọ apá kan dá apá kan sí.

Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mélòó kan, obìnrin kan láti ọ́fíìsì ìlera kàǹsù, tó wà ní gbọ̀ngàn lọ́jọ́ náà, wá bá wa nílé. Ó ní ibà pọ̀ ní Abúlé Adó, ó ní ṣé Màmá lè wá fi ohun tí wọ́n máa wò han àwọn òṣìṣẹ́ òun. Mo rò pé ìyá mi máa ní òun ti darúgbó. Ó bèèrè ọjọ́ tí wọ́n fẹ́ lọ.

Mo bá a lọ. Kò ní kí n wá, kò sì ní kí n má wá. Ní Abúlé Adó, àwọn ilẹ̀ kan ṣì wà tí wọn ò tíì kọ́lé padà sí láti ìgbà tí páìpù epo ti bú gbàmù. Ìpìlẹ̀ ilé nìkan ló kù níbẹ̀, omi dúró sínú wọn, oòrùn ń ràn sí i. Àwọn òṣìṣẹ́ náà ń lọ tààrà sí ibi gọ́tà ńlá. Ìyá mi ò tẹ̀lé wọn. Ó yà sídìí ìpìlẹ̀ kan, ó bu omi sínú abọ́, ó gbé abọ́ náà sí mi lọ́wọ́.

"Wò ó," ó ní. "Má sáré. Kí lo rí?"

Mo wò ó títí. Omi ni mo kọ́kọ́ rí, lẹ́yìn náà ìdọ̀tí. Ó ṣe díẹ̀, ọ̀kan nínú ìdọ̀tí náà mira.

"Wọ́n sùn," mo ní. "Gbogbo wọn ló sùn."

"Ẹ ẹ̀n."

Àwọn òṣìṣẹ́ náà ti yí wa ká. Ọ̀kan nínú wọn, ọkùnrin kan tó wọ bàtà òjò, rẹrìn-ín múṣẹ́.

"Próòfù, ẹ mà kú iṣẹ́ o! A ti ń gbóhùn yín lórí rédíò tipẹ́."

Mi ò jẹ́ kó délẹ̀. "Àwọn kọ́ ni Próòfù! Ẹni yẹn ti kú. Àwọn yìí ló rí i, àwọn ló kọ́kọ́ rí i, kí Próòfù tó rí nǹkankan!"

Ìyá mi fi ìgbọ̀nwọ́ gún mi. "Fi wọ́n sílẹ̀."

"Mi ò ní fi wọ́n sílẹ̀, mà."

Ọkùnrin náà ò mọ ibi tó máa wò. "Màmá, ẹ má bínú. Kí la ó wá máa pè yín?"

Ìyá mi ronú sí i. Mo dúró, mo gbé abọ́ lọ́wọ́, mò ń retí pé kó dárúkọ ara rẹ̀, ká tiẹ̀ gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀kan.

"Ẹ pè mí ní Ìyá Tíṣà," ó ní.

Inú bí mi pé ó tún gbé ipò rẹ̀ fún ẹlòmíràn. Ó tó ìṣẹ́jú kan kí n tó rántí pé èmi ni tíṣà. Ọkàn mi wá dùn, ó dùn jù bó ṣe yẹ lọ, mo sì tẹrí sínú abọ́ kí wọ́n má bàa rí ojú mi.